Ọjọ́ Tí Ọkọ Mi Jọ̀wọ́ Ilẹ̀

Èmi kì í pe orúkọ ọkọ mi. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi dàgbà ní Akínmọ́rìn nìyẹn, mi ò sì ní torí ìtàn kan yí ìwà padà. Bàbá Kíkẹ́ ni mo ń pè é, nítorí Kíkẹ́lọmọ, àkọ́bí wa. Ṣùgbọ́n kí ẹ má baà ṣi ẹlòmíràn mú, Jóṣúà Àkànbí ni gbogbo Fìdítì mọ̀ ọ́n sí. Àgbẹ̀ ọlọ́sàn ni, ọmọ ìjọ Onítẹ̀bọmi, ọkùnrin jẹ́jẹ́ tí kì í gbé ohùn sókè sí ẹnikẹ́ni. Àfi bí ẹ bá dárúkọ ilẹ̀ ọ̀nà Ìmíní. Bí ẹ bá ti dárúkọ ìyẹn, ẹ yáa wábi gbà.

Ilẹ̀ ọ̀hún gan-an ò tó nǹkan. Bí ẹ bá dúró ní ìkangun kan, tí ẹ pe èèyàn ní ìkangun kejì, á dá yín lóhùn. Àárín oko tiwa àti oko Olúbọ̀dé ló wà. Pèrègún kan wà ní ìhà ọ̀dọ̀ wa, pèrègún kan wà ní ìhà ọ̀dọ̀ wọn. Bàbá ọkọ mi ní èyí tó wà lọ́hùn-ún ni ààlà, òun lòun gbìn ín. Bàbá Olúbọ̀dé ní rárá o, èyí tó wà níhìn-ín ni ààlà, òun lòun gbìn ín. Àwọn bàbá méjèèjì kú, wọ́n fi ìjà sílẹ̀ fún àwọn ọmọ wọn jogún.

Ohun tó máa ń dùn mí níbẹ̀ ni pé ọ̀rẹ́ ni àwọn ọmọ wọ̀nyí tẹ́lẹ̀. Ọjọ́ kan náà ni wọ́n rì wọ́n bọmi ní odò. Olúbọ̀dé yìí kan náà ni alárinà wa, òun ló ń wá bá mi sọ̀rọ̀ nígbà tí ojú ń ti ọkọ mi, ẹnu rẹ̀ sì dùn débi pé mo fẹ́rẹ̀ẹ́ ní kí n fẹ́ òun fúnra rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n rẹ́rìn-ín. Nígbà tí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ dé, wọ́n gbé ara wọn lọ sí kóòtù ìbílẹ̀, ó parí. Wọ́n ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ẹni tó pa òwe yẹn, ó jọ pé Fìdítì ló gbé. Wọn ò kí ara wọn mọ́. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, bí ọ̀kan bá jókòó lápá ọ̀tún, èkejì á gba apá òsì lọ, bí a bá sì ń kọrin, wọ́n á máa fi ohùn bá ara wọn jà.

Kóòtù pàṣẹ pé kí ẹnikẹ́ni nínú wọn má fẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ náà títí wọn yóò fi dá ẹjọ́. Ẹjọ́ wo? Lónìí wọ́n á sún un síwájú, lọ́la akọ̀wé ò ní wá. Eéran hù níbẹ̀ títí ó fi ga ju orí èèyàn. Ṣé ẹ mọ̀ pé ilẹ̀ tí ẹni méjì ń jà sí, tí ẹnì kankan nínú wọn ò sì gbọdọ̀ wọ̀, ẹni ẹ̀kẹta ló máa rí i lò. Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìyẹn.

Ó máa tó ọdún 1972 nígbà yẹn, àwọn sójà ló ń ṣèjọba. Ọlọ́pàá kan tẹ̀lé olùṣọ́ àgùntàn wa wọ ṣọ́ọ̀ṣì ní ọjọ́ Ìsinmi kan, ó mú ewé gbígbẹ kan dání. Ó ní igbó nìyí, èyí tí àwọn kan ń wé bíi sìgá tí wọ́n ń fà. Ó ní òfin ìjọba ò bá ẹnikẹ́ni ṣeré lórí rẹ̀: ẹni tí wọ́n bá ká a mọ́ lọ́wọ́, ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá, ẹni tó bá gbìn ín, ẹ̀wọ̀n ọdún mọ́kànlélógún, ó sì lè já sí ikú. Gbogbo ìjọ ní "Yéè!" Ó ní bí a bá rí i lóko, ká tètè wá sọ, nítorí pé ẹni tí wọ́n bá bá a lórí ilẹ̀ rẹ̀ ni wọn yóò kọ́kọ́ mú. Wọ́n ń gbé ewé náà kiri láti ìjókòó dé ìjókòó. Nígbà tó kàn mí, mo gbóòórùn rẹ̀, mo sín gbàmù, àwọn ọmọdé fi mí rẹ́rìn-ín. Ọkọ mi gbà á lọ́wọ́ mi, ó yẹ̀ ẹ́ wò dáadáa, ó gbé e kọjá.

Èyí tí mo fẹ́ sọ báyìí, ẹ̀yìn-ọ̀-rẹyìn ni mo gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀, ṣùgbọ́n ó yẹ kí ẹ ti mọ̀ ọ́n kí ọ̀rọ̀ tó lọ jìnnà. Kò pẹ́ sí ọjọ́ Ìsinmi yẹn, ọkọ mi yọ́ wọ ilẹ̀ tí kóòtù ní kó má wọ̀. Ó ní òun fẹ́ wò ó bóyá Olúbọ̀dé ti hú pèrègún bàbá òun. Pèrègún wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n láàárín eéran, níbi tí ojú ò tó láti ọ̀nà, ẹnì kan ti ro ilẹ̀, ó ti gbin nǹkan. Ewé ọlọ́pàá yẹn ni. Ó tutù, ó sì pọ̀. Ọkọ mi sá jáde. Bó bá lọ sọ fún ọlọ́pàá, wọ́n á bi í pé kí ló ń wá lórí ilẹ̀ tí kóòtù ti tì, Olúbọ̀dé á gbọ́, ẹjọ́ ilẹ̀ á sì bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́. Ó bá pa ẹnu mọ́. Kò sọ fún èmi tí mò ń sùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ tí mò ń wí yìí, èmi àti ọkọ mi ń wú ẹ̀gẹ́ lóko. Olúbọ̀dé ń kọ ebè lóko tirẹ̀ lódì kejì. Mọ́tò ọlọ́pàá kan wá dúró lójú ọ̀nà, àwọn ọlọ́pàá bọ́ sílẹ̀, ọ̀gá wọn sì rìn wá bá wa.

Ó ní, "Ẹ kú iṣẹ́ o. Ta ló ni ilẹ̀ tí eéran bò yìí?"

Mo sọ ẹ̀gẹ́ ọwọ́ mi sílẹ̀ kíá. Ìbéèrè yẹn, iná ni. Mo ti ń múra láti di ọkọ mi mú, nítorí mo rí Olúbọ̀dé tó ń bọ̀ tòun ti ọkọ́ léjìká, tó ti la ẹnu sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ọkọ mi ò pariwo. Ó nu ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ṣòkòtò, ó ní, "Ti Bọ̀dé ni."

Olúbọ̀dé dúró gbagidi. "Kí lo wí?"

"Mo ní tìẹ ni. Mo jọ̀wọ́ ẹ̀ fún ẹ."

Háà! Ẹ bá wà níbẹ̀, ẹ bá rí ijó. Olúbọ̀dé ju ọkọ́ nù. Ó rò pé kóòtù ló rán àwọn ọlọ́pàá wá wo ilẹ̀. Ó ń fò sókè, ó ń pariwo, "Ọ̀gá ọlọ́pàá, ẹ gbọ́ o! Ìyá Kíkẹ́, ìwọ náà gbọ́! Ẹnu ara rẹ̀ ló fi sọ ọ́, mi ò fipá mú un!"

Ọ̀gá ọlọ́pàá ní, "Ṣé ó dá ọ lójú pé ìwọ lo ni ín?"

"Ó dá mi lójú ṣáká! Láti pèrègún dé pèrègún, ohun gbogbo tó wà níbẹ̀, èmi ni mo ni ín!"

"Ohun gbogbo?"

"Títí kan eèrà ibẹ̀!"

Ọ̀gá náà mi orí sí àwọn ọmọọṣẹ́ rẹ̀, wọ́n mú Olúbọ̀dé dání, wọ́n jọ wọ inú eéran lọ. Kí n má purọ́, inú mi dùn nígbà yẹn. Mo ní Ọlọ́run ti fọwọ́ kan ọkàn ọkọ mi, ẹjọ́ ti tán, àwa àti Mobọ́lá ìyàwó Olúbọ̀dé á tún máa bá ara wa ṣe wọlé-wọ̀de. Mo kọjú sí ọkọ mi láti kí i pé ó ṣeun. Àwọ̀ rẹ̀ ti rí bí eérú.

Nígbà tí wọ́n jáde, ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ wà lọ́wọ́ Olúbọ̀dé, àwọn ọlọ́pàá sì ru igbó tí wọ́n hú. Ọkùnrin náà ò tilẹ̀ tíì bínú, ọ̀rọ̀ náà ò yé e ni. Ó ń wo ọkọ mi. Ó ní, "Jóṣúà, kí lèyí? Ṣé ìwọ rí nǹkan yìí rí?"

Ọkọ mi wo ilẹ̀. Ó ní, "Mi ò rí i rí."

Wọ́n gbé Olúbọ̀dé lọ. Ẹni tó gbin igbó náà ní tòótọ́, a ò mọ̀ ọ́n títí dòní. Ó ní láti jẹ́ pé bí ìròyìn ṣe kàn án ni ẹsẹ̀ rẹ̀ ti kúrò lágbègbè wa.

Láti ọjọ́ yẹn ni oúnjẹ ti kọ ọkọ mi. Mo se ẹ̀bà, kò jẹ. Mo gún iyán, ó bù ú lẹ́ẹ̀kan, ó tì í. Ọjọ́ tí a máa jẹ Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa, wọ́n gbé àwo búrẹ́dì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó gbé e fún mi láì mú. Mo rò pé ẹnì kan ló ń fi oògùn bá a jà. Mo ń gbàdúrà, mo ń ṣépè fún ẹni tí ò mọ nǹkan kan.

Lẹ́yìn náà ni Mobọ́lá wá. Ó ti lọ wo ọkọ rẹ̀ ní àtìmọ́lé. Ó kúnlẹ̀ síwájú ọkọ mi, ó ní, "Bàbá Kíkẹ́, Bàbá Adéníyì ní kí n kí yín. Wọ́n ní bí àwọn ṣe wà níbẹ̀ yẹn, ohun kan ṣoṣo tó ń tu àwọn nínú ni pé ẹ jọ̀wọ́ ilẹ̀ láì sí ìjà. Wọ́n ní àwọn ti dárí gbogbo ọ̀rọ̀ àtẹ̀yìnwá jì yín. Wọ́n ní kí ẹ̀yin náà dárí ji àwọn."

Ọkọ mi dìde, ó gba ẹ̀yìnkùlé jáde. Mobọ́lá rò pé ẹkún ọ̀rẹ́ ló lọ sun. Ó ní, "Ẹ wo ọmọlúwàbí èèyàn." Nígbà tó lọ tán, mo bá ọkọ mi lẹ́yìn ilé níbi tó gbé jókòó sórí odó tó dojú dé, ibẹ̀ ló sì ti sọ gbogbo rẹ̀ fún mi, bó ṣe wọ ilẹ̀ náà, bó ṣe rí ewé, bó ṣe sá jáde.

Mo ní, "Ẹ mọ̀? Ẹ mọ̀ kí ẹ tó sọ pé tirẹ̀ ni?"

"Mo mọ̀. Bí mo ṣe rí ọlọ́pàá, ẹ̀rù bà mí, mo mọ ohun tí wọ́n wá ṣe. Mo ní bí n bá ní tèmi ni, mo gbé. Àìmọye ọdún ni mo ti fi ń pariwo pé tèmi ni."

"Ẹ̀rù bà yín, mo gbọ́. Kì í kúkú ṣe ẹ̀ṣẹ̀ kí ẹ̀rù bani."

Ó gbọn orí. "Ìyá Kíkẹ́, kì í ṣe ẹ̀rù nìkan. Nígbà tó ń jó, inú mi dùn. Mo ń wò ó tó ń fi ẹnu ara rẹ̀ kó sí wàhálà, inú mi ń dùn."

Mo fẹ́ gbá a létí. Ọkọ mi ni, bàbá àwọn ọmọ mi ni, ọwọ́ mi sì ń yún mi. Gbogbo ọ̀rọ̀ tó wà nínú mi ni mo dà sí i lórí. Mo ní ìka tó ṣẹ̀ lọba ń gé, kò gbọdọ̀ gé ìka ẹni tó fi ẹnu rẹ̀ fẹ́ mi fún yín. Mo ní bí ẹ ò bá lọ sọ òótọ́ ní kóòtù, mo ń padà sí Akínmọ́rìn. Kò bá mi jiyàn. Ó ní òun á lọ.

Ilé ẹjọ́ ìjọba ní Ìbàdàn ni wọ́n ti gbọ́ ẹjọ́ náà. Èmi àti ọkọ mi wọ mọ́tò lọ, ó wọ aṣọ tó fi gbé mi níyàwó. Nígbà tí wọ́n pè é, ó di Bíbélì mú, ó sọ ọ́ bó ṣe rí. Ó ní ilẹ̀ òun ni, bàbá òun ló gbin pèrègún tó wà lọ́hùn-ún. Ó ní òun ti rí igbó níbẹ̀ kí ọlọ́pàá tó dé, òun pa á mọ́ra, òun sì mọ̀ọ́mọ̀ sọ ilẹ̀ náà mọ́ Olúbọ̀dé lórí. Ó ní Olúbọ̀dé ò mọ nǹkan kan nípa rẹ̀. Kò fi nǹkan kan pamọ́. Mo ní, ó kàn ku kí wọ́n bọ́ ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ lọ́wọ́ Olúbọ̀dé, kí wọ́n fi sí ọkọ mi lọ́wọ́. Mo ti gbà bẹ́ẹ̀.

Adájọ́ kọjú sí Olúbọ̀dé níbi tó dúró sí láàárín àwọn wọ́dà. "Ọkùnrin yìí ní òun lòun ni ilẹ̀. Kí lo wí sí i?"

Ẹ gbọ́, ọ̀rọ̀ kan péré ni. Kó ṣáà ní "bẹ́ẹ̀ ni." Kó tilẹ̀ ní "n ò mọ̀." Lọ́yà rẹ̀ ń fa aṣọ rẹ̀ lẹ́yìn. Mobọ́lá di ọwọ́ mi mú débi pé ó dùn mí dé eegun.

Olúbọ̀dé ní, "Irọ́ ni! Olúwa mi, irọ́ ló ń pa! Ó ti jọ̀wọ́ ẹ̀ lójú ọlọ́pàá, ó wá rí i pé mo kó sí ìjàngbọ̀n, ó fẹ́ fi gbà á padà! Kò rí igbó kankan, mo bi í, ó ní òun ò rí i. Ilẹ̀ bàbá mi ni. Bí ẹ máa pa mí, ẹ pa mí, ilẹ̀ bàbá mi ni!"

Mobọ́lá kígbe. Òótọ́ dọ́jà ó kùtà, owó lọ́wọ́ là ń ra èké. Adájọ́ ní òun ti gbọ́ irú ẹjọ́ báyìí rí, pé kò sí ohun tí àwọn tó ń jà sí ilẹ̀ ò lè sọ lẹ́nu. Kò gba ọ̀rọ̀ ọkọ mi gbọ́. Ó ní ẹ̀rí ò tó pé Olúbọ̀dé ló gbìn ín, ṣùgbọ́n orí ilẹ̀ tó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun ni ni wọ́n ti bá a, ìkáwọ́ rẹ̀ ló wà. Ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá. Bí wọ́n ṣe ń mú un jáde, ó ń wo ọkọ mi bí ẹni tó borí nínú ìjà.

Kí ni kí n sọ fún yín nípa ìgbésí ayé ọkọ mi lẹ́yìn ìyẹn? Ẹjọ́ ilẹ̀ kú sí kóòtù ìbílẹ̀, kò sẹ́ni tó bèèrè rẹ̀ mọ́. Ó tu eéran ilẹ̀ náà kúrò, ó kọ ebè, ó gbin iṣu fún Mobọ́lá. Lọ́dọọdún ni ó ń ṣe é, ibẹ̀ ló máa ń kọ́kọ́ ro kó tó kan oko tiwa. Ó ń gbé iṣu dé ẹnu ọ̀nà Mobọ́lá, ó ń tọ́ Adéníyì ọmọ wọn sọ́nà ní oko. Àwọn ará Fìdítì wá sọ ọ́ di ẹni mímọ́. Olùṣọ́ àgùntàn dárúkọ rẹ̀ nínú ìwàásù, ó ní ẹ wo arákùnrin Jóṣúà tó fẹ́ gba ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀tá rẹ̀ rù ní Ìbàdàn. Ìjọ ní "Àmín." Ọkọ mi tẹ orí mọ́ àyà. Ó sọ òótọ́ fún Mobọ́lá lẹ́ẹ̀mejì lójú mi. Mobọ́lá ní, "Bàbá Kíkẹ́, ẹ má ba ara yín lórúkọ jẹ́ mọ́, a mọ̀ pé ẹ fẹ́ ràn wá lọ́wọ́ ni." Ẹ̀rín ìbànújẹ́ pa mí lọ́jọ́ yẹn. Nígbà tó purọ́, wọ́n gbà á gbọ́. Nígbà tó wá ń sọ òótọ́, wọ́n ń gbóríyìn fún un.

Kò jẹ Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa ní gbogbo ọdún wọ̀nyẹn. Àwọn ènìyàn ní ìrẹ̀lẹ̀ ni.

Nígbà tó yá, ìjọba tún òfin igbó ṣe, wọ́n dẹ̀ ẹ́ díẹ̀. Èyí àti ìwà rere Olúbọ̀dé lẹ́wọ̀n ni wọ́n fi tú u sílẹ̀ ṣáájú àkókò. Ó dé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, ó wá bá wa lóko. Ó ti rù, irun rẹ̀ ti funfun, ẹsẹ̀ kan ń dùn ún. A ń ro ilẹ̀ ọ̀hún lọ́wọ́. Ó dúró sí ìdí pèrègún, ó ń wo ebè iṣu tó tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́.

Ọkọ mi dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí yẹ̀pẹ̀. Ẹlẹgbẹ́ ni wọ́n o, ẹlẹgbẹ́ kì í dọ̀bálẹ̀ fún ẹlẹgbẹ́. Ó ní, "Bọ̀dé, mo rí i. Mo ti rí i kí wọ́n tó dé. Nígbà tí o bi mí, mo ní mi ò rí i."

Olúbọ̀dé ní, "Mo mọ̀."

Mo fi ọkọ́ mi sílẹ̀, mo sún mọ́ wọn.

Ó ní, "Mo ráyè rò ó níbẹ̀ yẹn. Jóṣúà tí kò lè fi ibi tí adìẹ á ti tàn sílẹ̀ fún mi, òun ló wá jọ̀wọ́ gbogbo ẹ̀ níwájú ọlọ́pàá? Mo mọ̀ kí ọdún kìíní tó pé. Mo sì rántí pé o wá sí Ìbàdàn wá sọ ọ́, èmi ni mo pè ọ́ ní òpùrọ́. Ṣé ìwọ lo rán mi lẹ́wọ̀n ni, àbí ilẹ̀ yìí?"

Ọkọ mi ní, "Bú mi. Bọ̀dé, mo bẹ̀ ọ́, bú mi."

Kò bú u. Èmi ló kọjú sí. Ó ní, "Ìyá Kíkẹ́, ìwọ lo ṣe ẹlẹ́rìí lọ́jọ́ yẹn, tún gbọ́ tòní. Ilẹ̀ yìí, láti pèrègún dé pèrègún, àti ohun gbogbo tó wà níbẹ̀, ti Jóṣúà ni. Mo jọ̀wọ́ ẹ̀ fún un." Ó yí padà, ó ń tiro lọ sójú ọ̀nà. Kò tún fẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀ mọ́ títí dòní.

Ọkọ mi ò tètè dìde nílẹ̀ níbẹ̀. Nígbà tó dìde, ó ṣa ọkọ́ wa, a wá sílé. A ò wa iṣu ọdún yẹn, ibẹ̀ ló jẹrà sí, Mobọ́lá náà ò sì rán ẹnikẹ́ni wá wà á. Bí ẹ bá gba ọ̀nà Ìmíní kọjá, ẹ óò rí i lápá òsì yín, eéran ti gbà á padà, ó ga ju orí èèyàn. Àwọn àlejò tó ń wá ilẹ̀ rà máa ń dúró lẹ́bàá ọ̀nà, wọ́n á ké sí ọkọ mi nínú oko wa pé, "Bàbá, ta ló ni ilẹ̀ tí eéran bò yìí?"

Á kàn máa roko lọ.